Arthur Conan Doyle: Òǹkọ̀wé ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tí ibà fẹ́rẹ̀ẹ́ pa l'Ékòó, tó wá di alágbàwí aláìṣẹ̀

Ní oṣù kẹwàá ọdún 1881, ọkọ̀ ojú omi kan tó ń jẹ́ Mayumba gbéra ní Liverpool, ó kó èrò àti ẹrù, ó forí lé etíkun Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà. Nígbà tó dé Èkó ní oṣù kọkànlá, ibà dá dókítà ọkọ̀ náà wó. Ọ̀dọ́mọkùnrin ẹni ọdún 22 ni, ìlú Edinburgh ní ilẹ̀ Scotland ló sì ti wá. Ta ni ì bá tọ́jú rẹ̀ nígbà tó jẹ́ pé òun gan-an ni dókítà? Ọjọ́ mélòó kan ló fi bá ikú jìjàkadì. Ẹlòmíràn tí ibà náà mú lákòókò kan náà kú, ṣùgbọ́n òun rí i já.

Bó bá jẹ́ pé ó kú l'Ékòó lọ́dún náà ni, ayé kì bá tí gbọ́ orúkọ Sherlock Holmes láéláé. Arthur Conan Doyle ni orúkọ ọ̀dọ́mọkùnrin ọ̀hún, òun ló sì wá di ọ̀kan lára àwọn òǹkọ̀wé ìtàn ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ tí òkìkí wọn kàn jù lágbàáyé. Ẹni tó bá ti ka ìwé Kọ́lá Akínlàdé bíi Owó Ẹ̀jẹ̀ ti mọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀: ọ̀daràn á ṣe iṣẹ́ ibi rẹ̀, ọ̀rọ̀ náà á rú àwọn ènìyàn lójú, ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ á wá fi àkíyèsí àti làákàyè tú àṣírí.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe inú ìwé nìkan ni Conan Doyle ti ṣe irú iṣẹ́ yìí. Àwọn ọkùnrin méjì kan wà tí ilé ẹjọ́ rán lọ sẹ́wọ̀n lórí ohun tí wọn kò ṣe, tó jẹ́ pé òun ló fi kálàmù rẹ̀ gbèjà wọn. Ìtàn àwọn méjèèjì kò gbajúmọ̀ tó ìtàn Holmes, bẹ́ẹ̀ òun gan-an ló yẹ kí àgbà máa fi kọ́ ọmọ.

ÌYÁ TÓ MỌ ÌTÀN PA

Ọjọ́ 22 oṣù karùn-ún ọdún 1859 ni wọ́n bí Arthur ní àdúgbò Picardy Place ní Edinburgh. Ilẹ̀ Ireland ni ìdílé wọn ti ṣẹ̀ wá, ọmọ ìjọ Kátólíìkì sì ni wọ́n. Charles Doyle, bàbá rẹ̀, jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba tó tún mọ àwòrán yà dáadáa, ṣùgbọ́n ọtí kò jẹ́ kó gbádùn iṣẹ́ méjèèjì. Nígbà tó yá, iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ilé ìtọ́jú àwọn alárùn ọpọlọ ló sì ti lo ọ̀pọ̀ ọdún kó tó kú ní 1893.

Mary, ìyá rẹ̀, ló di ilé náà mú kó má baà tú. Obìnrin yìí fẹ́ràn ìwé púpọ̀, ó sì mọ ìtàn pa. Nígbà tí Arthur dàgbà, ó sọ pé àwọn ìtàn tí ìyá òun pa fún òun nígbà èwe ṣì hàn kedere sí òun ju àwọn ohun tó ṣẹlẹ̀ lójú ayé nígbà náà lọ. Àwọn ẹbí tó rí jájẹ ló sanwó ilé ìwé rẹ̀ ní Stonyhurst, ilé ìwé àwọn àlùfáà Jesuit ní ilẹ̀ England. Ní 1876, ó wọ Yunifásítì Edinburgh láti kọ́ iṣẹ́ dókítà.

OLÙKỌ́ TÓ Ń FI OJÚ KA ALÁÌSÀN

Ní yunifásítì yìí ló ti bá Dókítà Joseph Bell pàdé. Iṣẹ́ abẹ ni Bell ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́, ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n fi ń rántí rẹ̀ ni ojú tó fi ń wo ènìyàn. Kí aláìsàn tó la ẹnu, Bell á ti sọ ibi tó ti ń bọ̀ àti irú iṣẹ́ tó ń ṣe.

Lọ́jọ́ kan, ọkùnrin kan wọlé wá gba ìtọ́jú. Bell wò ó, ó ní sójà ni, ó ní kò tíì pẹ́ tó fi iṣẹ́ sílẹ̀, ó ti ṣe olórí àwọn kan lẹ́nu iṣẹ́ náà, erékùṣù Barbados ló sì ti sìn. Ọkùnrin náà ní bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni. Ẹnu ya àwọn akẹ́kọ̀ọ́. Ni Bell bá là á yé wọn. Ó ní ọkùnrin náà mọ ọ̀wọ̀, síbẹ̀ kò ṣí fìlà, nítorí pé àwọn sójà kì í ṣí fìlà. Bó bá ti pẹ́ tó kúrò láàárín wọn ni, ì bá ti kọ́ ìṣe àwọn ará ìlú. Ìdúró rẹ̀ fi hàn pé ó ti pàṣẹ fún ènìyàn rí. Àìsàn tó sì gbé wá, èyí tó ń mú ẹsẹ̀ wú bí ẹsẹ̀ erin, ìhà Barbados lọ́hùn-ún ló wọ́pọ̀ sí, kì í ṣe Scotland.

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Conan Doyle, tó jẹ́ akọ̀wé Bell ní ilé ìwòsàn náà, ń wò, ó sì ń fi gbogbo rẹ̀ sínú.

LÁTI ORÍ YÌNYÍN DÉ ETÍKUN ÁFÍRÍKÀ

Owó kò tó nílé, nítorí náà Arthur máa ń wáṣẹ́ ṣe. Ní 1880, nígbà tí kò tíì parí ẹ̀kọ́, ó bá ọkọ̀ àwọn apẹja àbùùbùtán kan tó ń jẹ́ Hope lọ gẹ́gẹ́ bíi dókítà ọkọ̀. Láti ìlú Peterhead ní Scotland ni wọ́n ti gbéra, wọ́n sì lọ títí dé ibi tí òkun ti di yìnyín. Orúkọ Peterhead yìí kò ní í ṣàì tún jẹ yọ nínú ìtàn yìí.

Lẹ́yìn tó gba oyè dókítà ní 1881 ló bá ọkọ̀ Mayumba wá sí ìhà ibí. Nígbà náà, kò tíì sí ẹni tó fìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ẹ̀fọn ló ń gbé ibà kiri. Ọdún 1897 ni Ronald Ross tó rí ìdí ọ̀rọ̀ yẹn. Ìrìn àjò náà kò dùn mọ́ Conan Doyle nínú rárá, nítorí pé yàtọ̀ sí ibà, iná tún ràn mọ́ èédú inú ọkọ̀ nígbà tí wọ́n ń padà lọ sílé.

Síbẹ̀, ó rí ẹnì kan tí kò gbàgbé. Aṣojú orílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà ní Liberia, Henry Highland Garnet, bá a sọ̀rọ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta. Inú oko ẹrú ni wọ́n bí Garnet sí ní Maryland ní 1815, kó tó di àlùfáà àti gbajúmọ̀ ajàfómìnira àwọn aláwọ̀ dúdú. Conan Doyle ní nínú gbogbo àwọn tí òun bá pàdé ní etíkun náà, ọkùnrin yìí ló lóye jù, òun ló sì kàwé jù. Ní oṣù kejì ọdún 1882, Garnet kú sí Liberia.

ALÁÌSÀN KÒ WÁ, NI DÓKÍTÀ BÁ GBÉ KÁLÀMÙ

Lọ́dún 1882 kan náà, Conan Doyle ṣí ilé ìtọ́jú tirẹ̀ ní Southsea, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìlú Portsmouth. Àwọn aláìsàn kò fi bẹ́ẹ̀ wá. Bó bá jókòó tí kò rí ẹni tọ́jú, á fa ìwé yọ, á máa kọ ìtàn. Ibẹ̀ ló ti rántí olùkọ́ rẹ̀ tó ń fi ojú ka ènìyàn. Ó dá ọ̀tẹlẹ̀múyẹ́ kan sílẹ̀ tó ní irú ojú bẹ́ẹ̀, ó pè é ní Sherlock Holmes, ó sì fún un ní ọ̀rẹ́ kan, Dókítà Watson, tó ń ròyìn ohun tí Holmes bá ṣe.

Ìwé àkọ́kọ́ tí Holmes ti jáde, A Study in Scarlet, kò rí ẹni rà á bọ̀rọ̀. Nígbà tí ilé iṣẹ́ ìtẹ̀wé kan gbà á, pọ́n-ún 25 péré ni wọ́n san, wọ́n sì gba gbogbo ẹ̀tọ́ orí rẹ̀ pátápátá. Ọdún 1887 ló jáde. Èkejì, The Sign of Four, tẹ̀ lé e ní 1890.

Ní 1891, ó kó lọ sí Lọ́ńdọ̀nù láti ṣe dókítà ojú. Bó ṣe ròyìn rẹ̀ fúnra rẹ̀, kò sí aláìsàn tó wá. Ṣùgbọ́n lóṣù keje ọdún náà, ìwé ìròyìn Strand, tó ń jáde lóṣooṣù, bẹ̀rẹ̀ sí í gbé ìtàn kéékèèké Holmes jáde, ìtàn kan nínú ẹ̀dà kan. Bí ẹni fi iná sí koríko gbígbẹ ló rí. Kò pẹ́ tí Conan Doyle fi iṣẹ́ dókítà sílẹ̀ tó gbájú mọ́ ìwé kíkọ.

Ó yani lẹ́nu pé inú rẹ̀ kò dùn sí Holmes yìí. Ìtàn àwọn akọni ayé àtijọ́ ló kà sí iṣẹ́ gidi, ó sì ń wò ó pé Holmes ń gba àkókò òun. Ìyá rẹ̀ bẹ̀ ẹ́ pé kó má pa á. Ó kọ́kọ́ gbọ́, ṣùgbọ́n ní oṣù kejìlá ọdún 1893, ó kọ ìtàn kan tí Holmes ti já sínú ọ̀gbun omi Reichenbach ní ilẹ̀ Switzerland. Inú bí àwọn òǹkàwé. Wọ́n ní àwọn tó lé ní 20,000 ni kò ra Strand mọ́. Ìwé The Hound of the Baskervilles, tó jáde láàárín 1901 sí 1902, dá lé ohun tó ti ṣẹlẹ̀ kí Holmes tó ṣubú. Ní 1903, òǹkọ̀wé náà jí Holmes dìde pátápátá, ó ní kò kú rárá, ṣe ló fara pamọ́. Títí di 1927, ìwé ńlá 4 àti ìtàn kéékèèké 56 ló kọ nípa rẹ̀.

OJÚ TÍ KÒ RÍRAN LÓRU

Ní 1902, wọ́n fi Conan Doyle jẹ oyè Sir, lẹ́yìn tó ti ṣiṣẹ́ dókítà nílé ìwòsàn àwọn sójà ní Bloemfontein nígbà ogun Boer, tó sì kọ̀wé gbèjà orílẹ̀-èdè rẹ̀ lórí ogun náà. Ó ti di ẹni ńlá. Ó lè jókòó jẹ́jẹ́ kó máa jẹ owó ìwé rẹ̀.

Ní ìparí ọdún 1906 ni ọ̀rọ̀ George Edalji dé etígbọ̀ọ́ rẹ̀. Bàbá Edalji wá láti ilẹ̀ Íńdíà, ó sì di àlùfáà ìjọ Áńgílíkà ní abúlé Great Wyrley ní England. Ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni ìyá rẹ̀. George fúnra rẹ̀ jẹ́ agbẹjọ́rò. Lọ́dún 1903, ẹnì kan bẹ̀rẹ̀ sí í jáde lóru, ó ń fi ohun mímú ya ikùn ẹṣin, màlúù àti àgùntàn àwọn ará abúlé náà. Àwọn lẹ́tà aláìlórúkọ tún ń fò kiri. Àwọn ọlọ́pàá mú ọmọ àlùfáà aláwọ̀ dúdú-díẹ̀ yìí, ilé ẹjọ́ sì rán an lọ sẹ́wọ̀n ọdún 7. Bàbá rẹ̀ ní yàrá kan náà ni òun àti ọmọ òun jọ sùn lóru ọjọ́ náà, ilẹ̀kùn sì wà ní títì. Wọn kò gbà á gbọ́. Nígbà tí Edalji wà ní àtìmọ́lé, wọ́n tún ya ẹṣin mìíràn. Ìyẹn náà kò tó ẹ̀rí lójú wọn. Àwọn ènìyàn 10,000 fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀, kò yí nǹkan padà. Lẹ́yìn ọdún 3, wọ́n ṣàdédé dá a sílẹ̀ láì sọ pé ó jẹ̀bi tàbí kò jẹ̀bi. Orúkọ rẹ̀ ti bàjẹ́, kò sì lè ṣe iṣẹ́ agbẹjọ́rò mọ́.

Ilé ìtura kan ní Lọ́ńdọ̀nù ni Conan Doyle ti lọ pàdé rẹ̀. Bó ṣe ń wọlé, ó rí Edalji níbi tó ti ń ka ìwé ìròyìn. Ọkùnrin náà gbé ìwé náà súnmọ́ ojú gan-an, ó sì dà á sí ẹ̀gbẹ́ kan. Dókítà ojú tí aláìsàn kò wá bá ní 1891 mọ ohun tí ìyẹn túmọ̀ sí lójú ẹsẹ̀. Ojú ọkùnrin yìí kò ríran jìnnà rárá. Báwo ni ẹni tí kò rí ọwọ́ iwájú rẹ̀ dáadáa lọ́sàn-án ṣe lè la pápá kọjá nínú òkùnkùn biribiri, kó fo ojú irin ọkọ̀ ojú irin, kó wá ẹṣin rí, kó sì padà sílé láì fara pa?

Ní oṣù kìíní ọdún 1907, ó gbé gbogbo àlàyé rẹ̀ sínú ìwé ìròyìn Daily Telegraph. Ariwo ta. Ìjọba yan ìgbìmọ̀ kan, wọ́n sì dárí jì Edalji lórí ọ̀rọ̀ ẹṣin, ṣùgbọ́n wọ́n takú pé òun ló kọ àwọn kan nínú lẹ́tà náà, nítorí náà wọn kò san kọ́bọ̀ fún un. Ìdájọ́ ìlàjì-ìlàjì yìí bí Conan Doyle nínú títí ó fi kú. Edalji padà sẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, ó sì wà lára àwọn àlejò nígbà tí Conan Doyle, tí ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́ ti kú ní 1906, gbé ìyàwó kejì lóṣù kẹsàn-án ọdún náà.

Ohun mìíràn tún ti inú ọ̀rọ̀ náà jáde. Títí di ìgbà yẹn, kò sí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn fún ẹni tí wọ́n bá dá lẹ́bi ìwà ọ̀daràn ní England. Ọ̀rọ̀ Edalji, àti ti ọkùnrin mìíràn tó ń jẹ́ Adolf Beck tí wọ́n ṣì mú, wà lára ohun tó mú kí ilé aṣòfin dá irú ilé ẹjọ́ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ ní 1907.

ÀJẸ́ KÉ LÁNÀÁ, ỌMỌ KÚ LÓNÌÍ

Ọjọ́ 21 oṣù kejìlá ọdún 1908, wọ́n pa ìyá àgbà kan, Marion Gilchrist, sínú ilé rẹ̀ ní Glasgow. Ó ti lé ní ẹni ọgọ́rin ọdún, ó sì ní ohun ọ̀ṣọ́ olówó iyebíye rẹpẹtẹ. Ọmọ ọ̀dọ̀ rẹ̀ jáde lọ ra ìwé ìròyìn fún bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Kó tó dé, ìyá ti kú. Ohun ọ̀ṣọ́ àyà kan ṣoṣo, tí wọ́n fi dáyámọ́ǹdì ṣe, ni wọn kò rí mọ́.

Àwọn ọlọ́pàá gbọ́ pé Oscar Slater, Júù ọmọ ilẹ̀ Jámánì tó fẹ́ràn tẹ́tẹ́, ń wá ẹni tó máa ra ìwé ìdógò ohun ọ̀ṣọ́ dáyámọ́ǹdì kan, àti pé ó ti wọkọ̀ lọ sí New York. Ó tán. Yorùbá ní àjẹ́ ké lánàá, ọmọ kú lónìí, ta ni kò mọ̀ pé àjẹ́ àná ló pa ọmọ jẹ? Bí wọ́n ṣe rò ó nìyẹn. Nígbà tí wọ́n wádìí, wọ́n rí i pé ohun ọ̀ṣọ́ tí Slater fi dógò kì í ṣe ti ìyá náà, ó sì ti lé lóṣù kan tó ti fi dógò kí wọ́n tó pa ìyá. Slater fúnra rẹ̀ gbà láti padà wá jẹ́jọ́. Pẹ̀lú gbogbo ìyẹn, wọn kò fi í sílẹ̀.

Ní oṣù karùn-ún ọdún 1909, ẹjọ́ náà dé iwájú àwọn ará ìlú 15 tí òfin Scotland yàn láti dá a. Àwọn 9 ní ó jẹ̀bi, àwọn 5 ní ẹ̀rí kò tó, ẹnì kan ní kò jẹ̀bi. Adájọ́ ní kí wọ́n lọ yẹgi fún un. Ó ku ọjọ́ méjì kí wọ́n yẹgi fún un ni ìjọba sọ ọ́ di ẹ̀wọ̀n gbére, lẹ́yìn tí àwọn 20,000 ti fọwọ́ sí ìwé ẹ̀bẹ̀. Wọ́n mú un lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n Peterhead, ìlú tí Conan Doyle ti wọkọ̀ lọ sórí yìnyín nígbà ọ̀dọ́.

Ìwà Slater kò wu Conan Doyle, kò sì fi pamọ́. Ṣùgbọ́n ó ní ọ̀tọ̀ ni oníwàkiwà, ọ̀tọ̀ ni apànìyàn. Ní 1912, ó tẹ ìwé kan jáde lórí ẹjọ́ náà. Ó bi wọ́n léèrè pé kí ló dé tí apànìyàn náà fi fọ́ àpótí ìwé ìyá àgbà náà, tó sì fi àwọn ohun ọ̀ṣọ́ yòókù sílẹ̀? Lójú tirẹ̀, ìwé kan ni ẹni náà wá wá. Ìjọba kò dá a lóhùn. Ọlọ́pàá kan, John Trench, tó tako ohun tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ṣe, pàdánù iṣẹ́ rẹ̀ ní 1914.

Ọdún ń gorí ọdún. Ní 1925, ẹlẹ́wọ̀n kan tí wọ́n dá sílẹ̀ fi ìwé pélébé kan pamọ́ sẹ́nu jáde ní Peterhead. Slater ló kọ ọ́, ó ní kí Conan Doyle má gbàgbé òun. Ọ̀gbẹ́ni òǹkọ̀wé, tó ti ń lọ sí ẹni ọdún 66, tún gbé ìjà dìde. Lóṣù kọkànlá ọdún 1927, wọ́n dá Slater sílẹ̀ lẹ́yìn ọdún 18 àti ààbọ̀. Ilé aṣòfin ní láti ṣe òfin pàtàkì kan kí ilé ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn tuntun ti Scotland tó lè gbọ́ ẹjọ́ rẹ̀. Ní oṣù keje ọdún 1928, wọ́n wọ́gi lé ìdájọ́ náà, wọ́n sì san pọ́n-ún 6,000 fún un. Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ á lé e bá.

Ìgbẹ̀yìn ọ̀rẹ́ wọn kò dùn. Conan Doyle ní kí Slater dá owó tí àwọn ènìyàn ná lórí ẹjọ́ náà padà, Slater kọ̀, ó ní òun kọ́ ló yẹ kó san owó ìyà tí wọ́n fi jẹ òun. Ìjà dé. Síbẹ̀, kò sígbà kan tí Conan Doyle sọ pé òun kábàámọ̀ pé òun jà fún un.

Láàárín ẹjọ́ méjèèjì yìí, ní 1909, ọdún 28 lẹ́yìn ibà Èkó, ó kọ ìwé The Crime of the Congo. Ó fi tú àṣírí ìwà ìkà tí wọ́n hù sí àwọn aláwọ̀ dúdú ní Congo lábẹ́ Ọba Leopold ti Belgium nítorí rọ́bà.

NÍGBÀ TÍ OJÚ Ọ̀TẸLẸ̀MÚYẸ́ FỌ́

Ẹni tó ń ríran fún àwọn ẹlòmíràn kò ríran nínú ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ní 1918, Kingsley, ọmọkùnrin rẹ̀, tí wọ́n ti ṣe léṣe nínú Ogun Àgbáyé Kìíní, kú. Ní 1919, àbúrò rẹ̀ Innes náà kú. Ó ti pẹ́ tí Conan Doyle ti ń tẹ̀lé àwọn tó gbà pé òkú a máa bá alààyè sọ̀rọ̀. Lẹ́yìn ikú yìí, ó fi gbogbo ara lé e, ó ń rìnrìn àjò káàkiri ayé láti wàásù rẹ̀.

Ní 1917, àwọn ọmọbìnrin méjì kan ní abúlé Cottingley ya fọ́tò tí wọ́n ní iwin ló wà nínú rẹ̀. Conan Doyle gbà wọ́n gbọ́, ó sì kọ odindi ìwé lé e lórí ní 1922. Nígbà tí àwọn méjèèjì ti darúgbó, ní 1983, wọ́n jẹ́wọ́ pé àwòrán tí àwọn gé látara páálí ni. Ohun tó tan àwọn ọlọ́pàá Glasgow jẹ náà ló tan òun jẹ: bí ènìyàn bá ti fẹ́ kí ohun kan jẹ́ òtítọ́ ju bó ṣe yẹ lọ, ojú rẹ̀ kò ní í rí ẹ̀rí mọ́.

Conan Doyle kú ní ọjọ́ 7 oṣù keje ọdún 1930 nílé rẹ̀ ní Crowborough, lẹ́ni ọdún 71. Nígbà tí wọ́n gbé ère kan kalẹ̀ ní 1991 ní Picardy Place, níbi tí wọ́n ti bí i, Sherlock Holmes ni wọ́n gbẹ́, kì í ṣe òun. Ó dà bí ẹni pé ẹni tó fẹ́ pa ló borí rẹ̀.

Ṣùgbọ́n Holmes kò bá ẹnikẹ́ni jáde lẹ́wọ̀n rí. Dókítà tó dá a sílẹ̀ ló ṣe bẹ́ẹ̀, ó náwó, ó fi orúkọ rẹ̀ wewu fún ọmọ Íńdíà àti Júù tí kò sí nínú ẹbí rẹ̀. Yorùbá ní agbẹ́jọ́-ẹnìkan-dá, àgbà òṣìkà ni. Lónìí tí ariwo "olè!" lásán ṣì ń pa ènìyàn lọ́jà, ìbéèrè tí Conan Doyle bi àwọn ọlọ́pàá ìgbà ayé rẹ̀ kò tíì gbó: ta ló rí i, níbo ló ti rí i, ojú wo ló sì fi rí i?